Ilé Iwin Tó Bá Tírélà Lọ sí Òkè Ọya

Bí mo bá gbàgbé orúkọ ara mi pàápàá, ọjọ́ kan wà tí kò ní tán lọ́kàn mi: ọjọ́ tí mo jókòó sórí apẹ̀rẹ̀ òfìfo lẹ́yìn tírélà, tí mo gbá ilé iwin mọ́ àyà, tí mo ń kọjá ní Kẹ́tu bí ìyàwó ọba. Ẹ fara balẹ̀, mà á ṣàlàyé.

Ata ni mo ń tà ní Mile 12. Ìwé tí mo kà kò pọ̀, ṣùgbọ́n irọ́ tí mo mọ̀ ọ́n pa fún ọmọdé, bí wọ́n bá ń gba sátífíkéètì nídìí ẹ̀, ǹ bá ti di ọ̀jọ̀gbọ́n. Mọ́rẹ̀nikẹ́, ọmọ mi ọdún méje, kì í jẹun àfi kí n sọ̀rọ̀ ìlú àwọn iwin fún un. Mo ní wọn kì í fi búlọ́ọ̀kù kọ́lé níbẹ̀, pé èèpo àlùbọ́sà ni òrùlé wọn, pé ilé wọn máa ń dìde rìnrìn àjò nígbà tó bá wù ú, àti pé ilẹ̀kùn rẹ̀ kì í ṣí fún ẹni tó bá fajú ro.

Ọmọ gbà mí gbọ́, ó kó gbogbo rẹ̀ lọ sọ sétí àǹtí rẹ̀ ní sukúù. Ni àǹtí bá ní kí oníkálukú gbé ilé iwin wá lọ́jọ́ Ẹtì, pé Mọ́rẹ̀nikẹ́ ni yóò ṣàlàyé ìlú náà níwájú àwọn òbí. Ẹ̀rù bà mí. Ọmọ yìí, nílé, ẹnu rẹ̀ kì í sinmi. Tó bá dé kíláàsì, tí wọ́n pe orúkọ rẹ̀, ohùn rẹ̀ kì í jáde. Ó sọ fún mi pé tí ilé àwọn bá rẹwà gan-an, òun á lè sọ̀rọ̀. Àwọn ìyá tó ń gbé ní ẹ́sítéètì ra tiwọn ní ṣọ́ọ̀bù. Èmi ní kí n máa ra kí ni? Ta ló tún mọ ilé iwin ju èmi tí mo fẹnu kọ́ ọ?

Yàrá kan là ń gbé, kò sáyè, nítorí náà ìsọ̀ ni mo ti kọ́lé. Mo dojú apẹ̀rẹ̀ tòmátò kan délẹ̀, mo se ògì kí ó ki bíi gọ́ọ̀mù, mo fi lẹ èèpo àlùbọ́sà mọ́ ọn lórí. Àwọn olówó ń fi ọ̀dà kun ilé. Ata gbígbẹ tí mo lọ̀ kúnná ni mo fi kun tèmi, ó pọ́n dẹ̀dẹ̀. Láàárọ̀ ọjọ́ Ẹtì, mo gbé e síta níwájú ìsọ̀ kí ó gbẹ nínú oòrùn, mo sáré lọ mú Mọ́rẹ̀nikẹ́ dé sukúù.

Nígbà tí mo padà, ilé ti lọ.

Ẹ jẹ́ kí n sọ òótọ́, ẹnu mi ló kó bá mi. Apẹ̀rẹ̀ tòmátò kì í ṣe tiwa. Ti àwọn tó kó ọjà wá láti Òkè Ọya ni, tírélà ló sì ń kó òfìfo padà fún wọn. Nínú ọ̀sẹ̀ yẹn gan-an ni mo pariwo mọ́ Màlámù Sani, olórí àwọn alábàárù, pé apẹ̀rẹ̀ tó bá ti dojú délẹ̀ níwájú mi, kí ó gbé e, kó má bi mí. Ó gbọ́ràn.

“Màlámù, ṣé o ò rí òrùlé lórí ẹ̀ ni?”

“Wàláhì, Màmá, mo rò pé ìdọ̀tí ni.”

Iṣẹ́ ọjọ́ mẹ́ta. Ìdọ̀tí.

Tírélà ti dé ẹnu ọ̀nà ọjà. Mo ká ìró mi sókè, mo sáré, àwọn alábàárù tì mí gòkè bí àpò ẹ̀wà. Èèpo àlùbọ́sà ni mo fi mọ ibi tí ilé mi wà. Bí mo ṣe fà á yọ, tírélà ṣí. Mo bọ́ bàtà, mo ń fi gbá orí ibi tí dírẹ́bà jókòó sí, ó rò pé apẹ̀rẹ̀ ló ń lu ara wọn. Ní Kẹ́tu, oníbàárà mi kan rí mi láti títì, ó bi mí bóyá mo ti ń kó kúrò l'Ékòó. Mo juwọ́ sí i. Kí ni kí n tún ṣe? Búrẹ́dì ló gbà mí: dírẹ́bà dúró ra búrẹ́dì, mo sì sọ̀ kalẹ̀.

Mo dé sukúù n'Íkòsì, wọ́n ti pe ọmọ mi síwájú. Ó dúró, ó panu mọ́, ojú rẹ̀ wà lẹ́nu ọ̀nà. Mo gbé ilé sórí tábìlì láàárín àwọn tó ń dán. Ó ti wọ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, orí rẹ̀ ti pá. Òkè rẹ̀ gan-an sì ni fáànù wà.

Ẹ rántí ọ̀dà mi.

Àǹtí ló kọ́kọ́ sín. Ọ̀gá sukúù tẹ̀lé e. Bàbá kan tó wọ kóòtù sín títí ìgò ojú rẹ̀ fi bọ́ sílẹ̀. Mo ti ń wá ibi tí mà á gbà sá jáde, àfi bí Mọ́rẹ̀nikẹ́ ṣe bú sẹ́rìn-ín.

“Ẹ má bínú,” ló wí, ohùn rẹ̀ ròkè. “Ìrìn àjò ni ilé yẹn ti ń bọ̀, ó ti rẹ̀ ẹ́ ni. Bí wọ́n ṣe ń kí àlejò nílùú iwin nìyẹn. Ẹ ó kọ́kọ́ sín. Tí ẹ bá wá rẹ́rìn-ín, ilẹ̀kùn á ṣí.”

Wọ́n rẹ́rìn-ín, tomijé tomijé. Ọmọ mi sọ̀rọ̀ títí àǹtí fi bẹ̀ ẹ́ kó jókòó. Omi ojú tèmi, ata kọ́.

Lọ́jọ́ Ajé, Màlámù Sani dúró níwájú mi, ojú rẹ̀ le. “Màmá, ẹ ní kí n má bi yín, ṣùgbọ́n mò ń bi yín. Apẹ̀rẹ̀ dà?” Mo gbé ilé fún un, ó gbé e sórí tírélà. Mọ́rẹ̀nikẹ́, tó ti dé láti sukúù, juwọ́ sí ilé, ó ní kó lọ kó bọ̀. Tírélà tó tẹ̀lé e ló jíṣẹ́ dé: alápẹ̀rẹ̀ l'Ókè Ọya ní àwọn ọmọ-ọmọ òun ò jẹ́ kí òun kó tòmátò sí i mọ́, pé ṣé mo lè kọ́ méjì sí i.

Ẹ̀kọ́ tí mo rí kọ́ ni pé n kò tún sọ “má bi mí” fún ẹnikẹ́ni mọ́. Kódà, mo ti ní kí Màlámù máa bi mí lẹ́ẹ̀mejì. Àmọ́ ohun kan máa ń pa mí lẹ́rìn-ín ṣáá. Ilé tí mo fọwọ́ ara mi kọ́ wà ní Òkè Ọya, àwọn iwin ń jayé nínú ẹ̀. Èmi tí mo kọ́ ọ, yàrá kan náà ni mo ṣì wà ní Kẹ́tu.