Àgbò Tìjání àti Òfin Ọjọ́ Méje

Ẹjọ́ tó dé ààfin Baálẹ̀ wa l'Ágége lánàá, àgbò ló dá a sílẹ̀, àgbò ọ̀hún sì ti wà nínú ikùn ẹni tó gbé ẹjọ́ wá.

Adébísọ́lá, òṣìṣẹ́ ìjọba ní Aláúsá, ni olùpẹ̀jọ́. Àwọn alágbádá ṣẹ̀ṣẹ̀ gbàjọba lọ́wọ́ ṣọ́jà ni, ọ̀gá tuntun sì ń dúró lẹ́nu géètì láràárọ̀, ojú rẹ̀ lára aago. Kúẹ́rì méjì ni obìnrin yìí ti gbà láàárín ọ̀sẹ̀ kan. Bó bá gba ẹ̀kẹta, iṣẹ́ bọ́ nìyẹn. Ẹ̀rù ń bà á gidigidi.

"Baálẹ̀, kí ẹ pẹ́ fún wa. Ó di oṣù mẹ́ta tí ẹ ti pàṣẹ fún Tìjání alápatà pé kó gbé àgbò rẹ̀ kúrò lẹ́bàá fèrèsé mi. Kò gbé e! Aago márùn-ún ìdájí ló máa ń ké lójoojúmọ́. Ó tàpá sí àṣẹ ààfin!"

"Tìjání, ṣé òótọ́ ni?"

"Òótọ́ ni, Baálẹ̀. Ṣùgbọ́n ọjọ́ Iléyá ló ké kẹ́yìn, mo fọ̀bẹ sí i lọ́rùn. Òfin ààfin ńkọ́?"

Johnson, akọ̀wé ààfin, ṣí ìwé ńlá. "Ẹni tó bá fẹ́ fẹ̀sùn àfojúdi sí àṣẹ Baálẹ̀ kan ẹnikẹ́ni, kó gbé e wá láàárín ọjọ́ méje sí ìgbà tó ṣẹlẹ̀ kẹ́yìn. Bó bá di ọjọ́ kẹjọ, ẹjọ́ ti kú."

"Iléyá pé ọjọ́ mélòó lónìí?"

"Mẹ́jọ."

Baálẹ̀ yíjú sí Adébísọ́lá.

"Kí ló dé tí o kò wá lánàá?"

"Oorun ló gbé mi lọ, sà."

"Oorun kẹ̀?"

"Kò sí àgbò tó jí mi."

Gbogbo ààfin bú sẹ́rìn-ín. Àwọn ìjòyè di ikùn mú.

"Àgbò tí o ní kí wọ́n gbé kúrò náà ló ń jí ọ?"

"Òun ni, sà. Fún oṣù mẹ́ta, mi ò pẹ́ dé ibi iṣẹ́ rí. Tìjání pa á tán, kúẹ́rì bẹ̀rẹ̀. Ìyẹn ló bí mi nínú tí mo fi wá."

"Agbọ́ẹjọ́-ẹnìkan-dá, àgbà òṣìkà. Ẹlẹ́rìí rẹ dà?"

Reuben, ọlọ́dẹ iléeṣẹ́ bísíkíìtì kan n'Íkẹjà, tó ń gbé yàrá kejì sí ti Adébísọ́lá, jáde.

"Baálẹ̀, igbe àgbò yẹn kò jẹ́ kí n sùn."

"Aago mélòó lo máa ń gbọ́ ọ?"

"Mi ò gbọ́ ọ rí, sà. Títí aago méje àárọ̀ ni mo máa ń wà níbi iṣẹ́."

"Kí wá ni kò jẹ́ kí o sùn?"

"Òórùn rẹ̀ ni, sà."

Fàúsát, ìyàwó Tìjání, fò síwájú. "Baálẹ̀, ẹ bi wọ́n, ta ló ń ju èèpo iṣu sí àgbò wa láti ojú fèrèsé? Àǹtí Bísọ́lá ni! Odindi itan kan la fún wọn lọ́jọ́ Iléyá, wọ́n tún gbé abọ́ padà pé ká fi kún un."

"Ṣé o jẹ ẹran náà?"

"Mo jẹ ẹ́, sà," ni Adébísọ́lá wí, orí rẹ̀ wálẹ̀. "Ṣùgbọ́n inú mi ò dùn sí i."

Baálẹ̀ fọwọ́ ra irùngbọ̀n.

"Òfin ni òfin. Ẹ̀sùn àfojúdi ti kú, ẹ sin ín. Ṣùgbọ́n ẹni tó bá pa aago aládùúgbò rẹ̀, òun fúnra rẹ̀ ni yóò di aago. Tìjání, láti ọ̀la, aago márùn-ún, wàá dúró lẹ́bàá fèrèsé yẹn, wàá máa ké bí àgbò títí Bísọ́lá yóò fi jí. Oṣù mẹ́ta gbáko! Bísọ́lá, bí o bá ti jí, ju èèpo iṣu sí i, kó jẹ ẹ́ lójú rẹ."

Tìjání dọ̀bálẹ̀ gbọọrọ. "Baálẹ̀, ẹ ṣàánú mi. Ṣé wọ́n á bá mi sè é?"

"Àgbò rẹ jẹ ẹ́ ní sísè rí?"

Lónìí, bí aago márùn-ún ṣe lù, Tìjání figbe ta. Ọmọ Oko Ọba, níbi tí wọ́n ti ń pa ẹran l'Ágége, ni, kò sí ohùn àgbò tí kò mọ̀. Adébísọ́lá dé Aláúsá ṣáájú ọ̀gá rẹ̀, ó dúró lẹ́nu géètì, ó ń dá rẹ́rìn-ín.

Ṣùgbọ́n gbogbo àdúgbò ló jí. Kó tó di aago mẹ́fà, ènìyàn mọ́kànlá ti kún ẹnu ọ̀nà ààfin. Wọ́n ní Baálẹ̀ ti pàṣẹ lọ́dún tó kọjá pé kí ẹnikẹ́ni má pariwo kílẹ̀ tó mọ́, Tìjání sì ti tàpá sí i.

Baálẹ̀ yọjú lójú fèrèsé, oorun kò tíì dá lójú rẹ̀.

"Mo ti gbọ́. Ẹ máa lọ sílé. Ẹ padà wá lọ́jọ́ kẹjọ."