Bọ́tìnnì Méjì Tí Ń Dín Ogun Kù

Ní Parakú, láyé ìgbà tí ọ̀gá àti ọmọọṣẹ́, onílé àti àlejò, gbogbo wọn ń jẹ́ Kámáráàdì, Kọ́lápọ̀ ọmọ Ṣábẹ̀ jókòó lọ́sàn-án gangan nínú ọ́fíìsì òwú ìjọba tó wà lẹ́bàá àdúgbò Zóńgò. Ó dojú kọ ọ̀dínátọ̀, ẹ̀rọ kọ̀ǹpútà kan ṣoṣo tí ọ́fíìsì náà ní. Dìrẹ́tẹ̀ ti lọ sí ìpàdé, ó sì ti kìlọ̀ pé kí òun tó dé, ìròyìn òwú gbọ́dọ̀ ti wà lójú ẹ̀rọ náà. Ṣùgbọ́n ohun tó wà lójú ẹ̀rọ báyìí kì í ṣe òwú. Ọkọ̀ òfurufú ni. Eré kan tí Tìjáànì ọ̀rẹ́ rẹ̀ mú wá fún un láti Kùtọnú ni, ó gba ojú ẹ̀rọ láti igun dé igun, ó sì ń ju bọ́ǹbù.

Ọkàn Kọ́lápọ̀ balẹ̀ bí ọkàn ẹni tó ti sanwó ilé. Géètì onírin ọ́fíìsì náà kì í ṣí láìpariwo, Bàbá Fádípẹ̀ tí ń ṣọ́ ọ kì í sì í yára ṣí i. Kí Dìrẹ́tẹ̀ tó fọn fèrè ọkọ̀, kí Bàbá tó dìde, kí ó tó wá kọ́kọ́rọ́ kàn, ọkọ̀ òfurufú á ti balẹ̀, Kọ́lápọ̀ á sì ti fajú ro bí ẹni tí òwú ń kó láàárẹ̀.

Lọ́jọ́ yìí, Bàbá fúnra rẹ̀ ló yọ sí i lẹ́yìn.

"Ẹhúzú!"

Kọ́lápọ̀ fò dìde, ó na ìkúùkù sókè. "Dandan!"

Bí wọ́n ṣe ń kíra wọn nígbà náà nìyẹn, ọ̀rọ̀ ìyípadà tí ìjọba kéde ni. Ẹni tó bá gbọ́ ti àkọ́kọ́ tí kò na ìkúùkù, tí kò dáhùn, yóò ṣàlàyé ara rẹ̀ níwájú ẹni tí kò mọ àlàyé.

"Kámáráàdì ọmọ mi, bá mi wá ìṣáná," ni Bàbá Fádípẹ̀ wí. Ọmọ Ìdàáṣà ni bàbá náà. Yàtọ̀ sí géètì tó ń ṣọ́, òun tún ni olórí mílísì, àwọn ará ìlú tí ìjọba fi ṣọ́ àdúgbò, irin kan kì í sì í kúrò lọ́wọ́ rẹ̀. Irin yìí ló fi ń lu ríìmù ọkọ̀ akẹ́rù tí wọ́n so mọ́ igi máńgòrò. Bí ríìmù yẹn bá dún, gbogbo Zóńgò ló ń bọ̀, tàdá tigi.

Ojú Bàbá bọ́ sójú ẹ̀rọ. Ó gbàgbé ìṣáná.

"Ibo nìyẹn?"

"Ibo kẹ̀, Bàbá?"

"Ibi tí àfíọ̀n ti ń ju bọ́ǹbù yẹn. Kùtọnú ni àbí Pọ́tọ̀-Nófò?"

"Kì í ṣe ibì kankan. Eré ni."

"Eré! Ilé ń jó, o ní eré! Àwọn mẹsẹnẹ́ẹ̀ ti padà dé!"

Ẹ má dá bàbá lẹ́bi. Ní ọjọ́ Àìkú tí àwọn mẹsẹnẹ́ẹ̀, àwọn ọmọ ogun tí wọ́n fowó rà, fi ọkọ̀ òfurufú, tí Bàbá ń pè ní àfíọ̀n, balẹ̀ sí Kùtọnú, ìlú náà ni Bàbá Fádípẹ̀ sùn sí. Láti ìgbà náà, bí ọkọ̀ òfurufú bá kọjá lókè Parakú, abẹ́ tábìlì ni Bàbá ti ń bi í pé kí ló ń wá. Ẹni tí ejò bá ti bù jẹ rí, bó bá rí ekòló, á sá.

"Bàbá, ẹ fara balẹ̀. Ẹ mọ ayò ọlọ́pọ́n? Bó ṣe rí náà nìyí."

"Ọmọ ayò dà?"

"Kò lọ́mọ."

"Ta ni ìwọ àti ẹ̀ ń ta á?"

"Èmi àti ẹ̀rọ yìí."

"Ẹ̀rọ ìjọba?"

"Bẹ́ẹ̀ ni."

"Ẹ̀rọ ìjọba ló ń ju bọ́ǹbù lu ìlú ìjọba? Yéè! Ọ̀tẹ̀ ti wọ ọ́fíìsì!" Bàbá ti yí padà, ó ń lọ.

Kọ́lápọ̀ dì í mú láṣọ. "Bàbá! Tẹlifíṣọ̀n lẹ rò pé ẹ̀ ń wò. Tẹlifíṣọ̀n kọ́ nìyí."

"Mo ti wo tẹlifíṣọ̀n nílé Alájì Gàní. Àpótí ni, gíláàsì wà níwájú rẹ̀, àwòrán kún gíláàsì náà láti etí dé etí. Èyí ńkọ́? Àpótí ni. Gíláàsì rèé. Àwòrán sì kún un láti etí dé etí. Kí ló wá kù, àbí Alájì Gàní ló kù?"

Ṣùgbọ́n Kọ́lápọ̀ tó lọ kẹ́kọ̀ọ́ ẹ̀rọ ní Kùtọnú kì í gbà pé nǹkan kan wà tí òun kò mọ̀. "Ó dáa. Bí mo bá dín in kù ńkọ́? Kó kúrò ní gbogbo ojú gíláàsì, kó wà ní igun kan ṣoṣo, kí ìròyìn òwú sì hàn lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀? Ẹ ó gbà pé eré ni?"

Bàbá rò ó. "Alájì Gàní kì í dín tiẹ̀ kù."

"Ẹ ò rí nǹkan! Ẹ fún mi ní ìṣẹ́jú kan péré."

"Ṣé àwọn mẹsẹnẹ́ẹ̀ á fún ìwọ ní ìṣẹ́jú kan?"

Kọ́lápọ̀ jókòó, òógùn bò ó. Tìjáànì ti sọ ọ́ fún un: bọ́tìnnì méjì ni, ọ̀kan lápá òsì nísàlẹ̀, ọ̀kan lápá ọ̀tún. Bí èèyàn bá tẹ méjèèjì pọ̀ lẹ́ẹ̀kan náà, eré tó gba gbogbo ilé á kó ẹrù rẹ̀ sínú yàrá kan. Ṣùgbọ́n kí Tìjáànì tó dárúkọ bọ́tìnnì wọ̀nyẹn tán ni Kọ́lápọ̀ ti ń sọ pé, "Mo mọ̀ ọ́n, mo mọ̀ ọ́n." Bí ríìmù bá wá dún, tí Zóńgò dé, tí Dìrẹ́tẹ̀ dé bá Zóńgò, tó gbọ́ pé eré ni akọ̀wé òun fi ẹ̀rọ ìjọba ṣe, oko ìjọba ni wọ́n máa gbé e lọ, ọkọ́ ni wọ́n sì máa fún un. Ìbíyẹmí àfẹ́sọ́nà rẹ̀ tó ń retí ìyàwó ṣíṣe ní Títírú kò sì sọ pé àgbẹ̀ lòun fẹ́ fẹ́. Ẹ̀rù bà á gidi.

Ó tẹ méjì pọ̀. Ẹ̀rọ ké: "Pííì!"

Bàbá ti dojú bolẹ̀. "Bọ́ǹbù!"

"Ẹ dìde, Bàbá. Ẹ̀rọ ló ń sọ pé mo ṣì í tẹ̀."

"O ní o mọ̀ ọ́n."

"Mo mọ̀ ọ́n! Mo kàn ń yẹ̀ ẹ́ wò ni."

Ó tún tẹ òmíràn. "Pííì!"

"Bí o bá yẹ̀ ẹ́ wò lẹ́ẹ̀kan sí i, Parakú á parẹ́," ni Bàbá wí láti ilẹ̀.

Ìgbà yìí ni Kọ́lápọ̀ rántí. Ó rí ti òsì, ó fi ìka òsì tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀. Ó rí ti ọ̀tún, ó ń na ìka ọ̀tún lọ síbẹ̀. Bàbá dìde, ó fẹ́ fún un nígboyà.

"Ẹhúzú!"

Ọwọ́ ọ̀tún Kọ́lápọ̀ gbéra kúrò lórí bọ́tìnnì, ó di ìkúùkù lókè. "Dandan!"

Ọkọ̀ òfurufú ju bọ́ǹbù mìíràn.

Ó tún bẹ̀rẹ̀. Ìka òsì wà níbẹ̀. Ìka ọ̀tún ń bọ̀, ó kù díẹ̀.

"Ẹhúzú!"

"Dandan! Bàbá, mo fi Ọlọ́run bẹ̀ yín, ọwọ́ méjèèjì ni mo nílò."

"O kò fẹ́ dáhùn mọ́?"

"Mo fẹ́ dáhùn!"

"Nítorí mo lè kọ orúkọ rẹ sílẹ̀. Ẹhúzú!"

"Dandan! Dandan! Dandan!" Ó dáhùn ẹyọ kan, ó fi méjì sílẹ̀ de ìyókù. Ṣùgbọ́n Bàbá kò gba àsansílẹ̀. Ó gbé irin rẹ̀ léjìká.

"Ó ti tó. Ìwọ ń fi bọ́tìnnì ṣeré, ìlú ń jó. Mo ń lọ lu ríìmù."

"Bàbá, ẹ padà! Ẹ wá ràn mí lọ́wọ́! Èmi ni n ó tẹ èyí, ẹ̀yin ẹ tẹ èyí."

"Kí ló máa ṣe?"

Òtítọ́ ti sú Kọ́lápọ̀. Láti ìgbà tí Bàbá ti wọlé ló ti ń sọ ọ́, kò rí ẹni rà á. "Ó máa lé wọn sẹ́yìn."

Ojú Bàbá là. "O ò tètè sọ!" Ó fi irin ti ògiri, ó tu itọ́ sí ìka, ó fi nu ara ṣòkòtò, ó sì tẹ bọ́tìnnì náà bí ẹni ń tẹ eégbọn pa. Kọ́lápọ̀ tẹ tirẹ̀.

Eré náà súnkì. Kò tóbi ju páálí sìgá lọ mọ́, igun òkè lọ́wọ́ ọ̀tún ló lọ kó sí. Ìròyìn òwú sì yọ jáde lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, funfun báláú.

"Ẹ rí i báyìí?" ni Kọ́lápọ̀ wí, ó mí kanlẹ̀. "Tẹlifíṣọ̀n kì í ṣe bẹ́ẹ̀."

"Wọ́n ti sá!" ni Bàbá pariwo. "Wo bí wọ́n ti jìnnà! Àfíọ̀n wọn kò ju eṣinṣin lọ mọ́!"

"Bàbá, wọn ò jìnnà, ó kàn..."

"Kí ni funfun gbàgàdà yìí?"

"Òwú wa ni."

"Áà! Òwú wa ni wọ́n bò mọ́lẹ̀! Olè ni wọ́n tẹ́lẹ̀." Bàbá kò gbé ìka kúrò.

"Ẹ lè yọwọ́ báyìí, Bàbá. Ìṣáná yín rèé."

"Ta ló ń mu tábà lójú ogun? Dìde fún mi lórí àga yẹn. Akọ̀wé ni ìwọ, èmi ni mílísì."

Kọ́lápọ̀ wo irin tó wà lára ògiri, ó wo ọ̀nà ríìmù. Kí Bàbá jókòó sàn ju kí Bàbá jáde lọ. Ó dìde. Ó tilẹ̀ fi hàn án: "Èyí tó gùn gbọọrọ yìí ni ìbọn. Àwọn mẹ́rin yìí lẹ ó fi máa yà sọ́tùn-ún, yà sósì."

Bàbá yìnbọn lẹ́ẹ̀kan. Ọkọ̀ kan jábọ́. Ó yìnbọn lẹ́ẹ̀kejì. Òmíràn jábọ́. Ẹ̀rín bọ́ sẹ́nu bàbá arúgbó, ẹ̀rín tí géètì kò rí rí.

"Bàbá, apá òsì! Ó ń bọ̀ lápá òsì!"

"Mo ti rí i!"

"Ẹ yà, ẹ yà! Ẹ̀ẹ́n-ẹ̀n! Ó kú!"

"Ó kú! Lọ sọ fún ẹni tó rán ọ!"

Kọ́lápọ̀ ti gbàgbé ìbẹ̀rù. Ojú ń kán an. "Bàbá, ó kàn mí wàyí."

"Kí ló kàn ọ́?"

"Ẹ jẹ́ kí n ṣe díẹ̀."

"Ogun kì í kan èèyàn lọ́wọ̀ọ̀wọ́ bí ẹ̀rọ omi. Dúró sẹ́yìn, kí o máa sọ ibi tí wọ́n gbà." Bàbá di ojú kan, ó la èkejì. "Ṣùgbọ́n wọ́n ti jìnnà jù fún ojú àgbà. Ó yẹ kí n jẹ́ kí wọ́n sún mọ́ mi díẹ̀."

"Bàbá, ẹ má ṣe é!"

Bàbá ti ṣe é. Ọwọ́ òsì rẹ̀ lọ sí òsì, ọ̀tún lọ sí ọ̀tún, láìdúró, láìgbọ̀n, bí ẹni tí wọ́n bí sí ìdí ọ̀dínátọ̀. Ọkọ̀ òfurufú tún fẹ̀, ó bo òwú mọ́lẹ̀ bámúbámú.

"Ẹ káàbọ̀ o, ẹ̀yin olè!" ni Bàbá kí wọn, ó sì fi ìbọn gbà wọ́n lálejò.

"Pọ́ọ̀n! Pọ́ọ̀n!" Fèrè ọkọ̀ dún níta.

Kọ́lápọ̀ yíjú sí ẹnu ọ̀nà. "Bàbá. Ta ló wà ní géètì?"

"Èmi ni," ni Bàbá dáhùn, ó yìnbọn.

"Ẹ̀yin rèé!"

Fún ìgbà àkọ́kọ́, Bàbá gbé ojú kúrò lára gíláàsì. "Áà."

"Ṣé ẹ tilẹ̀ tì í?"

"Ìṣáná lásán ni mo ní kí n wá gbà. Mo ṣí i sílẹ̀ gbayawu."

Géètì tó máa ń ké kò ké. Ọkọ̀ ti wọlé. Ilẹ̀kùn ọkọ̀ dún, bàtà bẹ̀rẹ̀ sí í tẹ òkúta wẹ́wẹ́ níta, ó ń bọ̀.

"Bàbá, ẹ tẹ tiyín, kí n tẹ tèmi! Ẹ jọ̀ọ́, ohunkóhun tí ẹ bá gbọ́, ẹ má dáhùn!"

Ohùn Dìrẹ́tẹ̀ dún láti ọ̀dẹ̀dẹ̀: "Ẹhúzú!"

Bọ́tìnnì wà níwájú Bàbá, ìkúùkù wà lọ́wọ́ Bàbá. Ọdún mélòó ló ti ń dáhùn rẹ̀! Ọwọ́ fò sókè. "DANDAN!" Ohùn náà kọjá Zóńgò.

Ọ̀tún Kọ́lápọ̀ náà ti lọ sókè kó tó mọ̀. Òsì rẹ̀ wà lórí bọ́tìnnì kan, ó sì fi imú gbá èkejì. Eré súnkì sí igun. Kọ́lápọ̀ ṣí fìlà lórí Bàbá, ó fi kọ́ igun ẹ̀rọ náà, ọkọ̀ òfurufú kò hàn mọ́. Òwú nìkan ló kù, ó funfun láìlábàwọ́n. Àfi Bàbá Fádípẹ̀ aṣọ́géètì, tó jókòó gbágbáágbá sórí àga akọ̀wé, láìdé fìlà, tó na ìkúùkù sókè.

Bàtà ti dé ẹnu ọ̀nà.

"Kọ́lápọ̀," ni Bàbá sọ wúyẹ́wúyẹ́.

"Ẹ má bá mi sọ̀rọ̀. Ẹ ní ogun ni."

"Ogun kẹ̀? Ta ló pè é lógun? Eré ni, èmi náà rí i pé eré ni." Bàbá wo ẹnu ọ̀nà, ó wo ara rẹ̀ lórí àga. "Ọmọ mi, eré ti kéré, òwú ti jáde. Èmi ló kù. Tètè fi imú gbá a lẹ́ẹ̀kan sí i, kí o dín èmi náà kù!"